Ohùn Tó Ń Fèsì Nínú VR: Ìbéèrè Yín, Ìdáhùn Wa

Lẹ́tà tí ẹ kọ sí wa lórí VR (ayé tí kọ̀ǹpútà dá, tí èèyàn ń wọ̀ nípa dídé awò sójú) lóṣù yìí pọ̀, ibì kan náà ni púpọ̀ nínú wọn sì dorí kọ: ẹ̀dá ìtàn tí ẹ dá síbẹ̀ ń sọ̀rọ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n kò jọ ẹni tó wà níbẹ̀. A mú méje nínú àwọn lẹ́tà náà. Unity, ètò tí a fi ń kọ́ géèmù, ni ọ̀pọ̀ yín ń lò, Meta Quest sì ni awò tó wà lọ́wọ́ yín, àwọn méjèèjì la fi ṣe àpẹẹrẹ.

Láti Abẹ́òkúta: Mo kọ́ ọjà Ìtòkú sínú VR fún iṣẹ́ àṣekágbá mi. Ìyá kan jókòó ti àdìrẹ rẹ̀. Bí èèyàn bá sún mọ́ ọn, á sọ̀rọ̀. Gbogbo ẹni tó wọ awò náà ló ń sọ pé bíi rédíò ni ìyá yìí rí. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti pààrọ̀ ohùn rẹ̀. Kí ló kù tí mo lè ṣe?

Ohùn kọ́ ni ìṣòro yín, ojú ni. Ìyá yẹn kò rí oníbàárà. Ó ń sọ̀rọ̀ kìkì torí pé ẹnì kan wọ agbègbè tí ẹ là sílẹ̀, rédíò náà kì í sì í wojú ẹni kó tó sọ̀rọ̀.

Ẹ wo bí a ṣe ń kí ara wa. Ẹni tó dúró, a ní ẹ kú ìdúró. Ẹni tó jókòó, ẹ kú ìjókòó. Ẹni tó ń ṣiṣẹ́, ẹ kú iṣẹ́. Ẹni tó ti ọ̀nà dé, ẹ kú ìrìn. Kí ẹnu wa tó là, ojú wa ti ṣiṣẹ́. Ohun tí ẹ̀dá inú VR nílò náà nìyẹn: kí gbólóhùn rẹ̀ jẹ́ ẹ̀rí pé ó ti rí ohun tí ẹni iwájú rẹ̀ ń ṣe.

Ẹ kọ́kọ́ pinnu ohun tí ìyá yìí lè rí. Mẹ́fà tó fún ọjà yín: bí oníbàárà ṣe jìnnà sí i tó, ibi tí orí rẹ̀ kọ sí, aṣọ tí ọwọ́ rẹ̀ kàn, bó ti pẹ́ tó lórí ìdúró, bóyá ó ti kẹ̀yìn, àti àsìkò ọjọ́ nínú ọjà náà. Ẹ jẹ́ kí ìkíni bẹ̀rẹ̀ ní mítà 2.5; ọ̀rọ̀ ọjà gan-an di mítà 1.2. Ààlà ìjáde gbọ́dọ̀ jìn ju ààlà ìwọlé lọ: bí wíwọlé bá jẹ́ mítà 2.5, ẹ má kà á sí pé ẹni náà ti lọ àfi tó bá dé mítà 3.2. Bí ẹ bá fi ọ̀kan náà ṣe méjèèjì, ẹni tó dúró sórí ààlà, tó kàn ń mi síwá sẹ́yìn díẹ̀, ìyá á máa kí i káàbọ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́wàá láàárín ìṣẹ́jú kan.

Quest 2, Quest 3 àti Quest 3S kò lè mọ ibi tí ẹyinjú ń wò. Quest Pro ló ní ẹ̀rọ ìyẹn. Nítorí náà, ibi tí orí kọ sí lẹ máa lò. Ẹ má fi ìlà tẹ́ẹ́rẹ́ kan ṣoṣo wò ó, torí orí èèyàn kì í dúró sójú kan. Ẹ jẹ́ kó fẹ̀ tó dígírì 10 sí ọ̀tún àti 10 sí òsì, kó sì wà bẹ́ẹ̀ fún ìṣẹ́jú àáyá kan ó lé díẹ̀ kí ẹ tó gbà pé aṣọ yẹn ló ń wò.

Òfin ló tẹ̀ lé e. Elan Ruskin ti iléeṣẹ́ géèmù Valve ṣàlàyé ọ̀nà kan ní GDC, àpérò àwọn tó ń ṣe géèmù, lọ́dún 2012, ọ̀nà náà kò sì tíì di ògbólógbòó. Ẹ máa kọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sílẹ̀ bí òótọ́ kéékèèké. Gbólóhùn kọ̀ọ̀kan ní àwọn ohun tó gbọ́dọ̀ jẹ́ òótọ́ kí wọ́n tó lè sọ ọ́. Nínú gbogbo èyí tó bá bá ìṣẹ̀lẹ̀ náà mu, èyí tí ohun tó béèrè pọ̀ jù lọ ló máa jáde. Bí àpẹẹrẹ, òfin kan béèrè pé kí ẹnì kan wà nítòsí: «Ẹ káàbọ̀, ẹ wá wò ó.» Òmíràn béèrè pé kó wà nítòsí kí ọwọ́ rẹ̀ sì kan aṣọ: «Ẹ dì í mú dáadáa, kò ní ṣí.» Ẹ̀kẹta béèrè pé kó wà nítòsí, kí ọwọ́ rẹ̀ kan aṣọ, kí aṣọ náà jẹ́ Ìbàdàndùn, kó sì ti gbé e sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan rí: «Ẹ tún padà sórí Ìbàdàndùn yẹn. Ó wù yín, mo rí i.» Ẹni tó bá gbọ́ ẹ̀kẹta yìí á wojú ìyá náà. Gbólóhùn bẹ́ẹ̀ mẹ́wàá péré ń ṣiṣẹ́ ju ọgọ́rùn-ún tó kàn ń yin ọjà lọ, ẹ sì lè máa fi òfin tuntun kún un láìfọwọ́ kan ti àtijọ́.

Ohun méjì ló kù lórí èyí. Ẹ jẹ́ kí orí ìyá yí sí oníbàárà kí ohùn tó jáde. 200 sí 300 mílísẹ́kọ́ǹdì láàárín méjèèjì ti tó. (1,000 mílísẹ́kọ́ǹdì ló wà nínú ìṣẹ́jú àáyá kan.) Ẹ sì fún un láyè láti dákẹ́: ó kéré tán ìṣẹ́jú àáyá 4 láàárín gbólóhùn méjì tí ẹnikẹ́ni kò bi í, àti 30 kí irú ọ̀rọ̀ kan náà tó tún wáyé. Ìyá ọlọ́jà tí kò sinmi ẹnu máa ń lé oníbàárà ni, nínú VR àti ní Ìtòkú.

Láti Ìbàdàn: Gbólóhùn mélòó ni kí n gbà sílẹ̀ fún ẹ̀dá ìtàn kan? Ṣé mo lè gbà á nínú yàrá mi láìlọ sí situdíò?

Fún ìran tí èèyàn máa lò tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá níbẹ̀, 120 sí 150 ti tó, bí ẹ bá pín in dáadáa. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ lemọ́lemọ́ ni kó gba ìpín tó pọ̀ jù: ìkíni mẹ́jọ, fífọwọ́ kan ọjà mẹ́wàá. Ohun tó lè ṣẹlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, méjì ti tó o. Ẹ má gbàgbé ohùn tí kì í ṣe ọ̀rọ̀: «hẹ̀n», «hẹ́ẹ̀n», «ó tì», ẹ̀rín kékeré, ìmí-ẹ̀dùn, ikọ́ díẹ̀. Ẹ gba tó ogún nínú irú wọn. Wọ́n á gbà yín nígbà tí ẹ bá dé ọ̀rọ̀ ìdádúró tó wà nísàlẹ̀. Kí púpọ̀ nínú gbólóhùn wà láàárín ìṣẹ́jú àáyá 1 sí 3. Èyí tó bá ju 6 lọ, ẹni tó wọ awò á ti kọjá kó tó parí.

Kí ẹ̀dá ìtàn má baà máa tún ọ̀kan sọ, ẹ má kàn mú gbólóhùn ní àìròtẹ́lẹ̀. Ẹ da gbogbo irú kan sínú àpò, ẹ mú wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan láìdá a padà títí àpò á fi ṣófo, kí ẹ tó tún un dà. Bí ẹ bá sì tún un dà, ẹ rí i pé èyí tó máa kọ́kọ́ jáde kì í ṣe èyí tó jáde kẹ́yìn.

Yàrá yín ṣe é lò. Ẹ gbà á ní 48 kHz àti bíìtì 24 (ìwọ̀n bí ohùn ṣe máa kún tó), ní mono (ojú ọ̀nà ohùn kan ṣoṣo). Kí máíkì jìnnà sí ẹnu ní sẹ̀ǹtímítà 15 sí 20, kó yà sí ẹ̀gbẹ́ díẹ̀ kí èémí má baà lù ú. Kí ibi tí ohùn ga jù wà láàárín −12 àti −6 dB lójú ìwọ̀n gíga ohùn. Bó bá ti kan 0, ó ti fọ́, kò sì sí àtúnṣe. Ẹ fi ibùsùn àti aṣọ nípọn yí ara yín ká, tàbí kí ẹ kọjú sínú kọ́bọ́ọ̀dù tí aṣọ kún inú rẹ̀. Ẹ pa fáànù, fíríìjì àti jẹnẹrétọ̀. Ẹ jẹ́ kí bátìrì gbé kọ̀ǹpútà. Aago méjìlá òru sí mẹ́rin ìdájí ló dára jù, kí àkùkọ tó kọ. Ẹ gba ìdákẹ́jẹ́ yàrá náà fún ìṣẹ́jú àáyá 30, òun lẹ máa fi yọ ariwo abẹ́lẹ̀ kúrò. A fẹ́ kí ohùn gbẹ, kó má ní ìró yàrá kankan nínú, torí ọjà tí ẹ kọ́ ló máa fún un ní ìró tirẹ̀.

Sí ẹ̀gbẹ́ gbólóhùn kọ̀ọ̀kan nínú ìwé tí òṣèré máa kà, ẹ kọ bí ẹni tó ń bá sọ̀rọ̀ ṣe jìnnà tó. Ohùn tí a fi ń pe ẹni tó wà ní mítà mẹ́jọ yàtọ̀ sí ti ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa. Ẹ kò lè fi gíga ohùn nínú kọ̀ǹpútà sọ ọ̀kan di èkejì. Igbe àti ìpè jíjìn ni kó kẹ́yìn, kí ọ̀nà ọ̀fun má baà ti há kí iṣẹ́ tó parí.

Nígbà tí ẹ bá ń gé e, kí ìdákẹ́jẹ́ tó ṣáájú ọ̀rọ̀ má ju 20 mílísẹ́kọ́ǹdì lọ. A ti rí fáìlì tó ní ìdajì ìṣẹ́jú àáyá òfo níwájú, tí ẹni tó ni ín ń wá ohun tó ń dá ẹ̀dá ìtàn rẹ̀ dúró kiri inú kóòdù. Kí orúkọ fáìlì má ní àmì ohùn rárá: iya_kini_aaro_03.wav.

Láti Yábàá, Èkó: Mo so ẹ̀dá ìtàn mi mọ́ mọ́dẹ́ẹ̀lì ńlá kan (AI tó ń kọ èsì fúnra rẹ̀) lórí íntánẹ́ẹ̀tì kó lè dáhùn ohunkóhun. Ó ń dáhùn, àmọ́ lẹ́yìn ìṣẹ́jú àáyá mẹ́fà. Nígbà míì sì rèé, á gbọ́ ohùn ara rẹ̀, á tún máa dá ara rẹ̀ lóhùn.

Nínú ọ̀rọ̀ tí èèyàn ń bá èèyàn sọ, àlàfo tó wà láàárín ẹni tó parí àti ẹni tó dáhùn sábà máa ń sún mọ́ 200 mílísẹ́kọ́ǹdì. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́fà, oníbàárà ti rò pé áàpù yín ti kú.

Iṣẹ́ márùn-ún ló tò tẹ̀ léra wọn níbẹ̀: dídúró láti mọ̀ pé ẹni náà ti parí, fífi ohùn ránṣẹ́, sísọ ohùn di ọ̀rọ̀, ríronú èsì, àti sísọ èsì di ohùn. Ẹ fi àkókò sí ìbẹ̀rẹ̀ àti òpin ọ̀kọ̀ọ̀kan, kí ẹ sì tẹ̀ ẹ́ jáde, kí ẹ tó yí ohunkóhun padà. Èyí tí ọ̀pọ̀ ń fi ẹ̀sùn kàn kọ́ ló sábà máa ń jẹ̀bi.

Ti àkọ́kọ́: Silero VAD, ètò tó ń dá ọ̀rọ̀ mọ̀ yàtọ̀ sí ìdákẹ́jẹ́, lè mọ̀ bóyá èèyàn ń sọ̀rọ̀ láti inú ègé ohùn tí kò ju 32 mílísẹ́kọ́ǹdì lọ. Ó kéré, ó lè ṣiṣẹ́ nínú awò fúnra rẹ̀. Ìdákẹ́jẹ́ tí ẹ máa dúró dè lẹ́yìn rẹ̀ ni ẹ̀yin máa yàn. Ọ̀pọ̀ fi í sí 1,000 mílísẹ́kọ́ǹdì. Ẹ gbé e wá sí 500 sí 600. Ẹ má sọ̀ ọ́ kalẹ̀ jù bẹ́ẹ̀, torí ẹni tó ń ronú iye tó fẹ́ dá máa ń dákẹ́ díẹ̀ láàárín ọ̀rọ̀, ẹ̀dá ìtàn yín á sì já lu ọ̀rọ̀ rẹ̀.

Fífi ránṣẹ́: ohùn 16 kHz, bíìtì 16, mono ń jẹ kílóbáìtì 32 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ọ̀rọ̀ ìṣẹ́jú àáyá 4 á jẹ́ 128. Bí ẹ bá fi Opus, ọ̀nà kan tí a fi ń fún ohùn pọ̀, mú un wá sí kílóbíìtì 24 ní ìṣẹ́jú àáyá kan (bíìtì mẹ́jọ ló wà nínú báìtì kan), kílóbáìtì 12 péré ni. Lórí nẹ́tíwọ́ọ̀kì fóònù, ìyàtọ̀ yìí hàn kedere. Ẹ sì máa fi í ránṣẹ́ bó ṣe ń jáde lẹ́nu, ẹ má dúró kó parí.

Ìronú àti ohùn: ẹ má dúró de èsì odindi. Bí gbólóhùn àkọ́kọ́ bá ti pé, ẹ ti í sí ẹ̀rọ tó ń sọ ọ́ di ohùn, kó máa sọ ọ́ lọ bí ìyókù ṣe ń bọ̀. Ẹ pàṣẹ fún mọ́dẹ́ẹ̀lì pé kí gbólóhùn àkọ́kọ́ má ju ọ̀rọ̀ mẹ́fà lọ. Ìyípadà yìí nìkan lè gé ìdádúró sí ìlàjì.

Ohun tó bá ṣẹ́kù, ẹ fi ìṣe èèyàn bò ó. Bí ẹni náà bá ti dákẹ́, kí ìyá wojú rẹ̀, kó ní «hẹ̀n», kó mi orí. Fáìlì tó ti wà nínú awò nìyẹn, kò dúró de ẹnikẹ́ni. Bí èsì kò bá tíì dé lẹ́yìn ìṣẹ́jú àáyá 2.5, kó sọ ọ̀kan nínú gbólóhùn tí ẹ ti gbà sílẹ̀: «Ariwo ọjà yìí pọ̀, ẹ tún un sọ.» Ó bá ọjà mu, kò sì sí ẹni tó máa mọ̀ pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ló já.

Gbígbọ́ ohùn ara rẹ̀ kò ṣòro láti yé ni. Ìró awò Quest ń jáde nítòsí etí láìbo etí, máíkì sì wà nínú awò kan náà. Ọ̀nà tó rọrùn jù ni kí ẹ ti etí ìyá náà nígbà tó bá ń sọ̀rọ̀, kí ẹ sì ṣí i ní 200 mílísẹ́kọ́ǹdì lẹ́yìn tó parí. Bí ẹ bá fẹ́ kí oníbàárà lè dá a lẹ́nu kọ́, ẹ nílò ìbọtí, tàbí ẹ̀rọ tó ń yọ ohùn ẹ̀dá ìtàn kúrò nínú ohun tí máíkì gbọ́. Nígbà tí wọ́n bá sì dá a lẹ́nu kọ́, ẹ má gé ohùn rẹ̀ pátì, ẹ mú un rọlẹ̀ láàárín 100 mílísẹ́kọ́ǹdì, kó wá ní «Ẹ̀n-ẹ́n, mò ń gbọ́ yín.»

Láti Ilé-Ifẹ̀: Yorùbá ni mo fẹ́ kí ẹ̀dá ìtàn mi gbọ́ kó sì sọ. Whisper, ẹ̀rọ tó ń sọ ohùn di ọ̀rọ̀, ń gbọ́ ọ̀rọ̀ mi sódì, ẹ̀rọ tó ń sọ̀rọ̀ sì ń pe ọkọ̀ bí ẹni ń pe ọkọ. Ṣé kò sí ọ̀nà àbáyọ?

Ó wà, ṣùgbọ́n ẹ ní láti ya ìgbọ́ sọ́tọ̀ kúrò lára ìsọ, torí àmì ohùn kò wúlò bákan náà fún méjèèjì.

Ìgbọ́ ná. Whisper, tí OpenAI gbé jáde lọ́dún 2022, mọ Yorùbá mọ́ àwọn èdè rẹ̀, àmọ́ Yorùbá tó gbọ́ nígbà tí wọ́n ń kọ́ ọ kéré gan-an lẹ́gbẹ̀ẹ́ Gẹ̀ẹ́sì. Èyí tó kéré tó láti wọ inú awò, tiny àti base, ló tún mọ̀ ọ́n kéré jù. Gbogbo ohùn tí ẹ bá fún un ló máa ń nà gùn di ìṣẹ́jú àáyá 30, nítorí náà «èló ni?» lè gba àkókò tó odindi gbólóhùn gígùn. Bí ẹ bá sì fún un ní ìdákẹ́jẹ́, ó lè hùmọ̀ ọ̀rọ̀ tí ẹnikẹ́ni kò sọ. Ìdí nìyẹn tí VAD fi gbọ́dọ̀ ṣáájú rẹ̀.

Ìmọ̀ràn wa ni pé kí ẹ má lé gbogbo ọ̀rọ̀. Nínú ọjà, ohun tí oníbàárà lè máa wí kò pọ̀: ó ń kíni, ó ń béèrè iye, ó ń dá iye, ó ní ó wọ́n, ó ń béèrè orúkọ aṣọ, ó ń dágbére. Ẹ to irú mẹ́wàá sí méjìlá, kí ẹ kọ ọgbọ̀n ọ̀nà tí èèyàn ń gbà sọ ọ̀kọ̀ọ̀kan, kí ẹ wá wo èyí tí ohun tí Whisper gbọ́ sún mọ́ jù. Bó tilẹ̀ kọ «elo ni aso yi» láìlámì, ó ti tó. Owó lẹ máa bá fà á jù. Ẹni kan á ní «ẹgbẹ̀rún márùn-ún», òmíràn á ní «fáìfù táúsàn», ẹ̀kẹta á ní «fáìfù kéè». Gbogbo rẹ̀ ni kó wà nínú àkójọ yín, torí báyìí la ṣe ń nájà lónìí. Bí iye náà kò bá sì dá yín lójú, kí ìyá tún un bi í: «Ẹ ní ẹgbẹ̀rún márùn-ún?» Ìyá gidi náà ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Kí ẹ tó fi ọ̀rọ̀ méjì wéra, ẹ mú ìkọ̀wé wọn dọ́gba. Ọ́ tó lámì ohùn tó sì ní kíkàn (àmì kékeré abẹ́ lẹ́tà) nísàlẹ̀ kò ní lẹ́tà kan ṣoṣo nínú Unicode, ètò nọ́ńbà tí kọ̀ǹpútà fi ń mọ lẹ́tà. Ó kéré tán, ọ̀nà mẹ́ta ni kọ̀ǹpútà lè gbà kọ ọ́, gbogbo wọn jọra lójú, kò sì sí èyí tó bá èkejì dọ́gba nínú kóòdù. Nínú C#, èdè tí a fi ń kọ kóòdù Unity, ẹ lo Normalize pẹ̀lú FormD (tó ń tú lẹ́tà àti àmì rẹ̀ ká), ẹ yọ U+0300, U+0301 àti U+0304 (àwọn àmì ohùn) kúrò, ẹ fi U+0323 (kíkàn) sílẹ̀, kí ẹ wá dá a padà sí FormC (tó ń so wọ́n pọ̀). Àmì ohùn á lọ, kíkàn abẹ́ ẹ, ọ àti ṣ á wà. Ẹni tó bá yọ kíkàn náà kúrò ti sọ ọwọ́ di owó, nínú ọjà!

Ìsọ wá jẹ́ òdìkejì. Níbẹ̀, àmì ohùn gbọ́dọ̀ pé. Igba, ìgbà àti igbá jẹ́ ohun mẹ́ta, bẹ́ẹ̀ ni ọkọ, ọkọ̀ àti ọkọ́. Bí mọ́dẹ́ẹ̀lì ọ̀rọ̀ yín bá ń kọ Yorùbá láìlámì, ẹ má gbé e lé ẹ̀rọ ohùn lọ́wọ́. Ẹ jẹ́ kó yan nọ́ńbà gbólóhùn tí ẹ ti kọ sílẹ̀ pẹ̀lú àmì, tí ẹ̀yin fúnra yín ti yẹ̀ wò, kó má kọ tirẹ̀. Ẹ fi ọ̀rọ̀ kọ iye owó, ẹ má fi dígíìtì, torí ẹ̀rọ míì máa ń fò ó.

Meta gbé ohùn Yorùbá kan jáde nínú MMS, àkójọ mọ́dẹ́ẹ̀lì ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ èdè, lọ́dún 2023, orúkọ rẹ̀ ni mms-tts-yor. Ó dára láti fi dán nǹkan wò, àmọ́ ìwé àṣẹ rẹ̀ kò gba òwò láyè, ohùn rẹ̀ sì jẹ́ 16 kHz, ẹ máa gbọ́ pé ó dín lẹ́gbẹ̀ẹ́ èyí tí ẹ gbà ní 48. Ẹni tó fẹ́ kọ́ ohùn tirẹ̀ lè bẹ̀rẹ̀ láti àkójọ ohùn BibleTTS tàbí SLR86 ti OpenSLR. Yorùbá wà nínú méjèèjì, àṣẹ wọn sì gba òwò láyè bí ẹ bá dárúkọ orísun tí ẹ sì pín àtúnṣe yín lábẹ́ àṣẹ kan náà. Fún ìyá ọlọ́jà ẹlẹ́nu dídùn, èèyàn gidi nídìí máíkì ṣì ni àkọ́kọ́ lójú tiwa. Ohùn kọ̀ǹpútà kò tíì mọ bí wọ́n ṣe ń fa «ó tì o» nígbà tí owó bá kéré.

Láti Òṣogbo: Bí ẹ̀dá ìtàn mi bá ti fẹ́ sọ̀rọ̀, àwòrán á dúró gbọn-in fún ìgbà díẹ̀, orí á sì máa yí ẹni tó wọ awò.

Ní 72 Hz (àwòrán 72 ní ìṣẹ́jú àáyá kan), àwòrán kọ̀ọ̀kan ní mílísẹ́kọ́ǹdì 13.9 láti parí. Ní 90 Hz, 11.1. Ohun tó bá pẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lójú ọ̀nà àwòrán, ojú á rí i, inú á sì rú. Bí fáìlì lẹ ń lò, ó ṣeé ṣe kí Unity ṣẹ̀ṣẹ̀ máa gbé e wọlé nígbà tí ẹ pè é. Ẹ pe LoadAudioData, àṣẹ tó ń gbé fáìlì ohùn wọlé, bí oníbàárà bá ti dé mítà márùn-ún, kí ẹ sì tẹ Load In Background. Bí mọ́dẹ́ẹ̀lì inú awò ni, ẹ gbé e kúrò lórí okùn iṣẹ́ (thread) tí àwòrán ń lò.

Ẹ má torí ìyẹn da gbogbo fáìlì sí ìrántí láìfún un pọ̀. Gbólóhùn 400, ìṣẹ́jú àáyá 3 sí ọ̀kọ̀ọ̀kan, jẹ́ mẹ́gábáìtì 115 bí ẹ kò bá fún un pọ̀. Vorbis, ọ̀nà ìfúnpọ̀ ohùn míì, tó bá wà ní nǹkan bíi kílóbíìtì 64 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, á mú un wá sí bíi 10. Compressed In Memory ló bá ọ̀rọ̀ ẹnu mu. «Hẹ̀n» àti ẹ̀rín kékeré nìkan ni kó wà ní Decompress On Load.

Láti Ìlọrin: Ohùn ìyá ń wá láti àárín orí mi, kì í ṣe láti ẹnu rẹ̀. Ètè rẹ̀ náà kò sì bá ọ̀rọ̀ mu.

Ẹ gbé AudioSource (ibi tí Unity ti ń mú ohùn jáde) sórí egungun ẹnu, kì í ṣe sí ẹsẹ̀ ẹ̀dá náà. Ẹ fi Spatial Blend sí 1, Doppler sí 0, Min Distance sí mítà 1, kí fáìlì sì jẹ́ mono. Ẹ wá yan ẹ̀rọ tó ń jẹ́ ká mọ ibi tí ìró ti ń wá nínú Project Settings, bíi Steam Audio tàbí ti Meta; tí ẹ bá gbàgbé ìyẹn, òsì àti ọ̀tún nìkan lẹ máa gbọ́, òkè àti ẹ̀yìn kò ní sí.

Ní ti ètè, Oculus Lipsync, ẹ̀rọ tó ń mú ètè bá ohùn mu, pín ìrísí ẹnu sí 15. P tiwa àti gb tiwa ń pa ètè dé lẹ́ẹ̀kan náà tí ẹ̀yìn ahọ́n ń kan òkè. Ẹ̀rọ náà lè gbọ́ ti ẹ̀yìn ahọ́n kó mú ìrísí kk (ti k àti g), ètè á wá ṣí sílẹ̀ nígbà tí ìyá ń wí pé «gbogbo». Ojú tó mọ Yorùbá á rí i kíá. Fún gbólóhùn tí ẹ ti gbà sílẹ̀, ẹ ṣe ìrísí ẹnu rẹ̀ ṣáájú, kí ẹ lọ sí gbogbo ibi tí p àti gb wà, kí ẹ fi PP (ìrísí ètè tó padé) síbẹ̀ lọ́wọ́ fún 60 sí 80 mílísẹ́kọ́ǹdì.

Láti Lọ́ńdọ̀nù: Ìyá àgbà kan nínú ìjọ wa fẹ́ yá wa ní ohùn rẹ̀. Kí ni kí a kọ sínú ìwé àdéhùn? Àti pé, ọ̀pọ̀ àwọn àgbà tó ń dán an wò kì í fẹ́ sọ̀rọ̀ sí máíkì rárá; ṣé ẹ̀dá ìtàn ṣì lè fèsì fún wọn?

Ẹ kọ ọ́ kedere bóyá ohun tó kà nìkan lẹ máa lò, tàbí ẹ máa fi ohùn rẹ̀ kọ́ ẹ̀rọ tó máa sọ ohun tí kò sọ rí. Ọ̀tọ̀ ni èkínní, ọ̀tọ̀ ni èkejì, owó wọn kò sì gbọ́dọ̀ jẹ́ ọ̀kan. Ọ̀rọ̀ yìí wà lára ohun tó mú kí àwọn òṣèré géèmù ní Amẹ́ríkà, lábẹ́ SAG-AFTRA, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ àwọn òṣèré, daṣẹ́ sílẹ̀ ní oṣù keje ọdún 2024. Ẹ kọ iṣẹ́ tí ohùn náà wà fún, iye ọdún, àti bó ṣe lè gbà á padà. Ẹ ka gbogbo rẹ̀ fún un ní Yorùbá kó tó fọwọ́ sí i. Ohùn àwọn tó wọ awò náà jẹ́ tiwọn: ẹ sọ fún wọn kí máíkì tó ṣí, ẹ má sì tọ́jú ohùn lẹ́yìn tó bá ti di ọ̀rọ̀. Òfin ìdáàbòbò ìsọfúnni wà ní Bìrìtéènì, Nàìjíríà náà sì ní tirẹ̀ láti ọdún 2023.

Ní ti àwọn tí kì í sọ̀rọ̀, ara wọn ń sọ̀rọ̀. Bí awò bá lọ sísàlẹ̀ tó dígírì 8 tó sì padà sókè, lẹ́ẹ̀mejì láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan àbọ̀, ẹni náà mi orí, bẹ́ẹ̀ ni ló wí. Bó bá yí sí òsì àti ọ̀tún bẹ́ẹ̀, ó kọ̀. Ẹ wọn gíga awò nígbà tí ẹni náà bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dìde dúró. Bó bá wá dín sí ìdá 70 nínú ọgọ́rùn-ún tó sì pẹ́ níbẹ̀ tó ìdajì ìṣẹ́jú àáyá, ó kúnlẹ̀ ni. Ẹni tó jókòó láti ìbẹ̀rẹ̀ kò lè dé ibẹ̀, nítorí náà fún òun, ẹ jẹ́ kí títẹ orí ba tó dígírì 30 rọ́pò rẹ̀. Ẹ má béèrè ìdọ̀bálẹ̀ gbọọrọ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, ògiri àti tábìlì wà nítòsí, ẹni tó wọ awò kò sì rí wọn.

Ẹ gba gbólóhùn mẹ́rin sí márùn-ún sílẹ̀ fún ìkúnlẹ̀ yìí, kí ọ̀rọ̀ rẹ̀ sì yàtọ̀: títí di ìgbà yẹn, «ẹ» ni ìyá ọlọ́jà ń pe oníbàárà. Bí ẹni náà bá kúnlẹ̀, kó yí sí «o»: «Dìde, ọmọ mi. O ṣeun.» Kí ó sì máa pè é bẹ́ẹ̀ lọ títí ó fi kúrò ní ìsọ̀.